Àrùn Tí A Mọ̀-ọ́n-mọ̀ Má Wò: Ìtàn Tuskegee àti Ìwé Àwọn Oníṣègùn

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní bí ará ilé ẹni bá ń jẹ kòkòrò búburú tí a kò sọ fún un, hẹ̀rẹ̀huru rẹ̀ kò ní jẹ́ kí a sùn lóru. Òwe yìí bá ìtàn kan mu tí ó ṣẹlẹ̀ ní agbègbè ìlú Tuskegee, ní ìpínlẹ̀ Alabama, ní ilẹ̀ Amẹ́ríkà.

Ní ọdún 1932, Àjọ Ìlera ti ìjọba àpapọ̀ Amẹ́ríkà kó 600 ọkùnrin aláwọ̀ dúdú jọ fún ìwádìí. Tálákà ni ọ̀pọ̀ nínú wọn, àgbẹ̀ tí ń dáko lórí ilẹ̀ onílẹ̀. 399 nínú wọn ní àrùn sífílíìsì. 201 yòókù kò ní in. Ohun tí àwọn oníṣègùn náà fẹ́ mọ̀ ni bí àrùn yìí ti ń ba ara jẹ́ bí a kò bá tọ́jú rẹ̀ títí ọlọ́jọ́ fi dé. Wọn kò sọ èyí fún àwọn ọkùnrin náà. Wọ́n ní 'ẹ̀jẹ̀ burúkú' ni ó wà lára wọn, àti pé a ó tọ́jú wọn lọ́fẹ̀ẹ́. Nígbà tí wọ́n fẹ́ fi abẹ́rẹ́ fa omi láti inú ọ̀pá ẹ̀yìn wọn, èyí tí kò wo àrùn kankan sàn, ìtọ́jú pàtàkì ni wọ́n pè é. Wọ́n fún wọn ní oúnjẹ ní ọjọ́ àyẹ̀wò, wọ́n sì ṣèlérí owó ìsìnkú fún ẹbí tí ó bá gbà kí a yẹ òkú wò.

Nígbà tí ó fi di nǹkan bí ọdún 1947, pẹnisílíìnì ti di oògùn tí a fi ń wo sífílíìsì sàn. Wọn kò fún àwọn ènìyàn náà. Ní ọdún 1947 yìí kan náà, ní Nuremberg ní ilẹ̀ Jámánì, àwọn adájọ́ ará Amẹ́ríkà dá àwọn dókítà ìjọba Hitler kan lẹ́bi nítorí ìwádìí ìkà tí wọ́n ṣe lára ẹlẹ́wọ̀n. Wọ́n to ìlànà mẹ́wàá sílẹ̀. Èkíní ni pé a kò gbọdọ̀ fi ẹnikẹ́ni ṣe ìwádìí láìjẹ́ pé òun fúnra rẹ̀ mọ̀, tí ó sì gbà.

A kò lè sọ pé ìkọ̀kọ̀ ni wọ́n ti ṣe ti Tuskegee. Láti ọdún 1936 ni wọ́n ti ń tẹ àbájáde rẹ̀ jáde nínú ìwé àwọn oníṣègùn, àkọlé èkíní sì sọ ọ́ gbangba pé sífílíìsì tí a kò tọ́jú lára ọkùnrin aláwọ̀ dúdú ni. Ẹni tí ó ka àkọlé náà ti mọ̀ pé a kò tọ́jú alárùn. Ìbéèrè tí ó kù ni pé, ǹjẹ́ alárùn mọ̀?

Ní ọdún 1965, Dókítà Irwin Schatz ní ìlú Detroit kọ lẹ́tà sí àwọn òǹkọ̀wé náà; ó yà á lẹ́nu pé oníṣègùn lè máa wo aláìsàn níran nígbà tí oògùn wà. Wọn kò fèsì. Peter Buxtun, òṣìṣẹ́ Àjọ náà, bẹ̀rẹ̀ sí fi ẹjọ́ sùn ní ọdún 1966. Ní ọdún 1969, ìgbìmọ̀ kan jókòó lórí ọ̀rọ̀ náà, wọ́n ní kí iṣẹ́ máa lọ. Ó di oṣù Keje ọdún 1972, nígbà tí akọ̀ròyìn Jean Heller tú àṣírí náà fáyé, kí ìwádìí ogójì ọdún yìí tó dópin.

Láti inú ìtìjú yìí ni òfin ọdún 1974 lórí ìwádìí ti jáde ní Amẹ́ríkà, àti Ìjábọ̀ Belmont ti ọdún 1979, tí ó fi ọ̀wọ̀ fún ènìyàn, oore ṣíṣe àti ìdọ́gba ṣe òpó mẹ́ta. Ní ọjọ́ 16, oṣù Karùn-ún, ọdún 1997, Ààrẹ Clinton tọrọ àforíjì ní orúkọ ìjọba.

Ìlànà Nuremberg ti wà lákọsílẹ̀ fún ọdún 25 kí Tuskegee tó dópin. Òfin nìkan kò tó, nígbà náà. Bí ẹ̀bi àwọn tí ó kọ ìwé wọ̀nyí ti pọ̀ tó, àwọn tí ó kà wọ́n tí wọ́n sì pa wọ́n dé láìbéèrè ohunkóhun ní ìpín tiwọn níbẹ̀.