Jelili Atiku àti Ọnà Tí Kì í Gbélé

Ní ọjọ́ 14 oṣù kìíní ọdún 2016, ọkùnrin kan gbé eré jáde sí àárín ìgboro Èjìgbò, l'Ékòó, níbi tí wọ́n bí i sí lọ́dún 1968. Orúkọ tó fún eré náà ni pé Aragamago ni yóò gba ilẹ̀ wa lọ́wọ́ àwọn apániláyà. Ẹni tó bá gbọ́ Ifá díẹ̀ mọ̀ pé ẹyẹ Odù ni Aragamago. Ọjọ́ mẹ́rin lẹ́yìn ìyẹn, ọlọ́pàá mú un. Wọ́n gbé Jelili Atiku àti àwọn mìíràn lọ sílé-ẹjọ́, wọ́n ní wọ́n gbìmọ̀ pọ̀ da àdúgbò rú. Ó dé ẹ̀wọ̀n Kírikírì kó tó rí béèlì gbà. Kí ọdún náà tó parí, ẹjọ́ ti túká.

Ká ní ọjà ìlú bí Ilé-Ogbó ló ti ṣe é ni, ojú eégún ni wọn ì bá fi wò ó, ohun tí àwọn àgbà ì bá kọ́kọ́ béèrè ni agbo ilé tí eégún náà ti jáde. Ìbéèrè yẹn bọ́gbọ́n mu ju ìwé ẹ̀sùn lọ.

Àwọn òyìnbó ni wọ́n máa ń pe irú iṣẹ́ yìí ní ọnà tuntun: kí oníṣẹ́ ọnà má gbẹ́ igi, kó má kun àwòrán, kó fi ara rẹ̀ ṣe igi àti ọ̀dà. Àmọ́ kì í ṣe tuntun nílẹ̀ wa. Lọ́dún 1826, Clapperton, arìnrìn-àjò láti ilẹ̀ Scotland, jókòó láàfin Ọ̀yọ́ Ilé, ó ń wo àwọn eégún alárìnjò. Ọ̀kan di erè, ó ń wọ́ nílẹ̀. Lẹ́yìn náà ni òmíràn bọ́ aṣọ orí rẹ̀ díẹ̀díẹ̀, ni òyìnbó funfun báláú bá yọ síta: ó rù kan eegun, òtútù ń mú un, ó ń fi ọwọ́ ra ọwọ́, ó ń rìn bí ẹni tí ilẹ̀ ń gún lẹ́sẹ̀. Ojú àlejò ni wọ́n ti fi àlejò ṣe yẹ̀yẹ́! Clapperton fúnra rẹ̀ ló kọ ọ́ sínú ìwé ìrìn-àjò rẹ̀, kò sì sẹ́ni tó gbé òṣèré kankan lọ sílé-ẹjọ́.

Atiku kàwé gboyè ní Yunifásítì Ahmadu Bello ní Sáríà, ó sì tún gboyè kejì ní Yunifásítì Èkó lọ́dún 2006. Aṣọ pupa ló fi gbajúmọ̀. Ó ní ọ̀wọ́ eré kan tó jẹ́ pé pupa ni gbogbo rẹ̀ dá lé, pupa ẹ̀jẹ̀, pupa ewu, pupa ẹ̀mí. Lọ́dún 2009 ó gbé ọ̀kan lọ sí ọjà àgbò ní Èjìgbò, ó pè é ní Agbo Rago. Àgbò ni Yorùbá ń pè é, rago ni Hausa ń pè é. Ẹran kan náà ni. Ẹni tó ti gbé Sáríà rí tó sì tún padà wá sí Èkó ni irú orúkọ bẹ́ẹ̀ máa ń wá sí lọ́kàn.

Òun nìkan kọ́ ló ń dán irú èyí wò. Lọ́dún 2013, Wura-Natasha Ogunji, tí wọ́n bí ní Amẹ́ríkà, kó àwọn obìnrin jáde l'Ékòó, wọ́n fi agọ̀ bojú, wọ́n so kẹ́ẹ̀gì omi mọ́ ọrùn ẹsẹ̀, wọ́n ń wọ́ ọ lórí títì. Obìnrin nínú agọ̀! Ẹ̀yin náà mọ ohun tí ìyẹn túmọ̀ sí nílẹ̀ wa.

Ẹ̀bùn Prince Claus láti ilẹ̀ Netherlands tẹ Atiku lọ́wọ́ lọ́dún 2015, oṣù díẹ̀ ṣáájú Kírikírì. Nígbà tó di 2017, ó wà nínú ìpàtẹ ńlá ti Venice, ní Ítálì. Ọdún yẹn gan-an ni Nàìjíríà kọ́kọ́ ní ibùdó tirẹ̀ níbẹ̀, pẹ̀lú Peju Alatise, Victor Ehikhamenor àti oníjó Qudus Onikeku, àmọ́ ìpàtẹ àpapọ̀ ni Atiku ti ṣe tirẹ̀. Orúkọ tó fún iṣẹ́ náà jẹ́ Píjìn: Mama Say Make I Dey Go, She Dey My Back.

Ọnà tí kì í gbélé kò mọ sórí eré ojú títì nìkan. Ní ti orin ẹ̀rọ, Emeka Ogboh ni ká wò, ọmọ Igbo tó ń ṣe iṣẹ́ rẹ̀ l'Ékòó àti ní Berlin. Ìró ìgboro ló ń gbà sílẹ̀: hóònù dánfó, igbe kọ̀ńdọ́, ariwo gáréèjì, tí yóò wá fi kọ̀ǹpútà hun wọ́n di orin. Àwo rẹ̀, Beyond the Yellow Haze, jáde lọ́dún 2021. Èyí tó tẹ̀ lé e lọ́dún 2022 kò ní orúkọ kan bí kò ṣe nọ́ńbà, àwọn nọ́ńbà tí máàpù fi ń tọ́ka ibi tí nǹkan wà láyé. Ẹni tó bá tẹ̀ wọ́n sórí fóònù, Ojúẹlẹ́gba ni yóò bá ara rẹ̀, níbi tí ojúbọ Ẹlẹ́gbára wà kó tó di ibùdókọ̀.