Calder Hall: Òkú Ilé Iná Tí Wọn Kò Tí ì Sin Tán

Ìyá mi kò lè gbàgbé ọdún 1956 láéláé. Ọmọ ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ni wọ́n nígbà náà n'Íbàdàn. Ọdún yẹn ni Ọbabìnrin Elizabeth wá sí Nàìjíríà. Ó dé ní ìparí oṣù kìíní, ó sì padà sílé ní àárín oṣù kejì. Ìyá mi ní àwọn tíṣà to àwọn sí ẹ̀bá títì láti àárọ̀, wọ́n fún oníkálukú ní àsíá pélébé kan, oòrùn sì sá àwọn bí ẹja orí àtẹ. Nígbà tí mọ́tò Ọbabìnrin wá kọjá, kò gbà tó ìṣẹ́jú kan. "Ọwọ́ kan ṣoṣo ni mo rí tó ń jù sí wa," bẹ́ẹ̀ ni wọ́n máa ń wí.

Ohun tí ìyá mi kò mọ̀, tí èmi náà kò sì mọ̀ àfi ìgbà tí mo di oníṣẹ́ ìròyìn, ni pé ọwọ́ yẹn kan náà ni ó ṣí ilé iná átọ́ọ̀mù kan ní October 17, ọdún 1956 kan náà, létí òkun ní àríwá ìwọ̀-oòrùn ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Orúkọ ibẹ̀ ni Calder Hall. Òun ni àkọ́kọ́ láyé tó tóbi tó láti máa pèsè iná fún ìlú gẹ́gẹ́ bí òwò. Àwọn ará Rọ́ṣíà ti ní tiwọn ní Obninsk láti ọdún 1954, ṣùgbọ́n kékeré ni ìyẹn, megawatt 5 péré. Ìtàn Calder Hall ni mo fẹ́ sọ fún yín lóṣù yìí, ẹ̀yin òǹkàwé wa. Ẹ má sọ pé ọ̀rọ̀ òyìnbó ni, kí ló kàn wá. Ẹ jẹ́ ká dé ìparí rẹ̀ ná.

BÍ WỌ́N ṢE TÀN ÁN

Lẹ́yìn ogun Hitler, èédú wọ́n ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Nígbà òtútù ọdún 1947, iná ń kú ní London bí ó ṣe ń kú mọ́ wa lórí níbí. Nítorí náà, nígbà tí àwọn onímọ̀ ní átọ́ọ̀mù lè ṣiṣẹ́ èédú, ìjọba wọn kò jẹ́ kí ọ̀rọ̀ náà tutù. Ọdún 1953 ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ ilé náà lẹ́bàá odò Calder. Ẹnjiníà tí wọ́n ń pè ní Christopher Hinton ni ọ̀gá pátápátá lórí iṣẹ́ náà.

Iṣẹ́ inú rẹ̀ kò le tó bí àwọn alákọ̀wé ṣe ń mú kó rí. Nílé iná èédú, èédú á mú omi hó, ooru omi á yí ẹ̀rọ, ẹ̀rọ á sì mú iná wá. Ní Calder Hall, wọ́n yọ èédú kúrò, wọ́n fi uranium dípò rẹ̀. Wọ́n wé ọ̀pá uranium sínú àdàlú irin tó ní magnesium nínú, wọ́n wá tò wọ́n sínú òkìtì ńlá kan tí wọ́n fi graphite mọ, ohun kan náà tó ń kọ̀wé nínú pẹ́ńsù. Bí àwọn ọ̀pá náà bá ti ń gbóná, wọ́n á fẹ́ afẹ́fẹ́ carbon dioxide gba àárín wọn kọjá, afẹ́fẹ́ yẹn náà ló ń hó nínú mínírà tí à ń mu. Afẹ́fẹ́ gbígbóná yìí ló ń lọ mú omi hó. Ìyókù kò yàtọ̀ sí ti èédú.

Ìléru mẹ́rin ni wọ́n kọ́ bẹ́ẹ̀. Èyí tó gbẹ̀yìn bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọdún 1959, àpapọ̀ agbára wọn sì jẹ́ nǹkan bí megawatt 200. Ìlú Workington, tí kò jìnnà síbẹ̀, ni ó kọ́kọ́ jẹ nínú iná náà. Inú aráyé dùn. Àní ní Amẹ́ríkà, ní ọdún 1954, Lewis Strauss tó jẹ́ alága ìgbìmọ̀ átọ́ọ̀mù wọn ti sọ ọ́ ní gbangba pé àwọn ọmọ wọn yóò rí iná lò lọ́pọ̀ yanturu, débi pé kò ní tọ́ kí ẹnikẹ́ni máa fi mítà ka iye rẹ̀. Ẹ̀yin tí ẹ ti san owó mítà tí ẹ kò rí mítà gbà, ẹ rẹ́rìn-ín díẹ̀ kí a tó máa bá ọ̀rọ̀ lọ.

OHUN TÓ WÀ LẸ́YÌN Ẹ̀FÀ

Àwọn àgbà ní ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà, ó ju èje lọ. Iná kọ́ ni iṣẹ́ àkọ́kọ́ tí wọ́n torí rẹ̀ kọ́ Calder Hall. Bí uranium bá jó nínú ìléru, ohun kan máa ń kù nínú eérú rẹ̀ tí wọ́n ń pè ní plutonium, òun sì ni wọ́n fi ń ṣe bọ́ǹbù. Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ti dán bọ́ǹbù átọ́ọ̀mù tiwọn àkọ́kọ́ wò ní October 1952, ní erékùṣù kan létí Australia. Wọ́n ń fẹ́ plutonium sí i. Ìdí nìyẹn tí wọ́n fi kọ́ Calder Hall sí ẹ̀gbẹ́ Windscale, níbi tí wọ́n ti ń ṣe plutonium tẹ́lẹ̀. Bọ́ǹbù ni ọjà, iná ni èènì. Ọdún 1995 ni ìjọba wọn tó kéde pé àwọn ti ṣíwọ́ ṣíṣe plutonium fún bọ́ǹbù.

Èènì náà kò tí ì pé ọdún kan tí nǹkan fi ṣẹlẹ̀ lọ́dọ̀ aládùúgbò rẹ̀. Ní October 10, ọdún 1957, wọ́n rí i pé iná gidi ti ń jó nínú ọ̀kan lára ìléru Windscale. Ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Tom Tuohy gun orí ìléru náà lọ, ó yọjú wo iná náà fúnra rẹ̀, kì í ṣe ẹ̀ẹ̀kan. Wọ́n fi carbon dioxide pa á, kò gbọ́. Lọ́jọ́ kejì wọ́n da omi sí i, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹ̀rù ń bà wọ́n pé omi lè mú kó bú gbàmù. Wọ́n tún sé afẹ́fẹ́ mọ́ ọn, ó wá kú. Ṣùgbọ́n èéfín olóró ti bá afẹ́fẹ́ lọ. Ìjọba ka wàrà màlúù léèwọ̀ ní ilẹ̀ tó fẹ̀ tó 500 kìlómítà níbùú lóròó, àwọn àgbẹ̀ sì ń da wàrà wọn nù. Macmillan, olórí ìjọba wọn, kò jẹ́ kí wọ́n gbé ìròyìn ìwádìí náà jáde ní kíkún. Nígbà tó di 1981, wọ́n yí orúkọ gbogbo àgbègbè iṣẹ́ náà padà sí Sellafield. Orúkọ ni wọ́n yí padà, ilẹ̀ kò yí padà.

ÌSÌNKÚ TÓ JU ÌKỌ́LÉ LỌ

Mi ò ní rẹ́ Calder Hall jẹ. Ogún ọdún ni wọ́n ní kó lò, ṣùgbọ́n ó fẹ́rẹ̀ẹ́ lo mẹ́tàdínláàádọ́ta kí wọ́n tó pa á ní March 31, ọdún 2003. Kò rú èéfín èédú, ó sì fún ọ̀pọ̀ ènìyàn níṣẹ́ ṣe.

Ṣùgbọ́n ilé iná èédú, bó bá kú, ẹ lè wó o lóṣù mélòó kan kí ẹ gbin àgbàdo síbẹ̀. Ti átọ́ọ̀mù kò rí bẹ́ẹ̀. Ilé gogoro mẹ́rin kan wà níbẹ̀ tí wọ́n fi ń tu omi lára. Gíga wọn jẹ́ mítà 88, ó kù díẹ̀ kí wọ́n ga tó Cocoa House n'Íbàdàn. Wọ́n fi ohun abúgbàmù wó wọn ní September 29, ọdún 2007, kíá ni gbogbo wọn di òkìtì. Ìyẹn ni apá tó rọrùn. Ọdún 2011 ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í yọ àwọn ọ̀pá uranium, ó di 2019 kí wọ́n tó yọ ọ́ tán, nítorí ó lé ní 38,000 ọ̀pá.

Àwọn ìléru fúnra wọn wá ńkọ́? Wọ́n ṣì wà níbẹ̀. Ìtànṣán olóró ti wọ irin àti graphite wọn lára. Èyí tó wà nínú irin, tí wọ́n ń pè ní cobalt-60, agbára rẹ̀ ń dín sí ìdajì ní ọdún márùn-ún àti díẹ̀, nítorí náà ó dára kí wọ́n ní sùúrù kí òṣìṣẹ́ tó fọwọ́ kàn án. Ṣùgbọ́n carbon-14 tó wà nínú graphite, ọdún 5,730 ló ń gbà kó tó dín sí ìdajì. Ní ọdún 2024, àwọn ayẹ̀wé-owó-wò ìjọba ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì sọ pé àtifọ gbogbo Sellafield mọ́ yóò gba bílíọ̀nù 136 owó pọ́n-ùn, àti pé ó lè di ọdún 2125 kó tó parí.

Mo ti gba ibẹ̀ kọjá rí. Àbúrò mi obìnrin kan ń ṣe iṣẹ́ nọ́ọ̀sì lápá ibẹ̀, a jọ wọ ọkọ̀ ojú irin tó ń gba etí òkun. Òkun wà lọ́wọ́ kan, àgùntàn ń jẹ koríko, àfi lójijì tí a rí odi wáyà àti àwọn ilé ràgàjì-ràgàjì. Àbúrò mi ní, "Ẹ̀gbọ́n, ẹ wò ó, ibẹ̀ nìyẹn." Kò sí nǹkan tó ń yí, kò sí nǹkan tó ń jó. Òkú ló jókòó síbẹ̀ tí àwọn ènìyàn ń ṣọ́.

TA NI YÓÒ SAN GBÈSÈ NÁÀ?

Ìdí tí mo fi sọ pé ọ̀rọ̀ yìí kàn wá nìyí. Láti ọdún 2009 ni ìjọba tiwa náà ti ń bá Rọ́ṣíà tọwọ́ bọ̀wé lórí iná átọ́ọ̀mù. A ní ìléru kékeré kan fún ìwádìí ní Zaria láti ọdún 2004, ilé ìwádìí lórí ọ̀rọ̀ agbára sì wà ní Ifẹ̀. Ilé iná átọ́ọ̀mù gan-an ni a kò tí ì kọ́. Mi ò sọ pé ká má kọ́ ọ. Ẹni tí òkùnkùn ń bá jà kì í bú àtùpà. Ohun tí mò ń sọ ni pé lọ́jọ́ tí wọ́n bá gbé àwòrán ilé náà wá, kí ẹ béèrè owó ìsìnkú rẹ̀ kí ẹ tó pàtẹ́wọ́, kí ẹ sì béèrè àpò tí wọ́n máa tọ́jú rẹ̀ sí.

Nígbà tí mo ka gbogbo èyí fún ìyá mi, ìbéèrè kan ni wọ́n bi mí: "Àwọn tó tàn án, ṣé àwọn náà ló ń pa á?"

Mo ní rárá. Hinton ti kú láti ọdún 1983. Ọbabìnrin náà wàjà ní 2022. Àwọn tí yóò parí iṣẹ́ náà, wọn kò tí ì bí wọn.

Ìyá mi dákẹ́ díẹ̀. Wọ́n ní, "Ìyẹn ni pé wọ́n fi ọmọ tí wọn kò tí ì bí ṣe ìwọ̀fà."

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí ẹ kò mọ ìwọ̀fà, òun ni ọmọ tí bàbá fi sọ́dọ̀ ẹni tó yá a lówó. Ọmọ náà á máa ṣiṣẹ́ lóko olówó lójoojúmọ́, iṣẹ́ rẹ̀ kì í sì í dín owó náà kù. Àfi bí ẹnì kan bá san án ni ọmọ tó lè padà sílé.

Láti ọjọ́ náà, bí àwọn tí gbogbo wa ṣì ń pè ní NEPA bá múná dé, tí àwọn ọmọ àdúgbò pariwo "Up NEPA!", mo máa ń wo ojú àwọn ọmọ náà.