Ojú Irin àti Sáà Bọ́ọ̀lù Kọ́lẹ́ẹ̀jì: Ìfọ̀, Mówè àti Ìbàfò

Ní ọjọ́ 15 oṣù Òkúdù 1904, àwọn ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ Hope Waddell ní Kàlàbá fi góòlù 3 sí 2 borí àwọn atukọ̀ ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì, Thistle. Àkọsílẹ̀ bọ́ọ̀lù Nàìjíríà sábà máa ń bẹ̀rẹ̀ láti ibẹ̀. Ṣùgbọ́n igi kan kì í dá igbó ṣe. Kí sáà tó wà, ilé-ẹ̀kọ́ gbọ́dọ̀ pọ̀, ọ̀nà sì gbọ́dọ̀ so wọ́n pọ̀.

Ní agbègbè yìí, ọ̀nà ni ó kọ́kọ́ dé. Ojú irin láti Èkó gba Ìfọ̀ àti Abẹ́òkúta kọjá dé Ìbàdàn ní 1901. Abẹ́òkúta Girama ṣí ní 1908. King's College tẹ̀lé e ní 1909 pẹ̀lú akẹ́kọ̀ọ́ 10, iye tí kò tó ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù kan.

Mówè àti Ìbàfò kò sí lójú irin; òpópónà Èkó sí Ìbàdàn tí ó gba ọ̀dọ̀ wọn kọjá, 1978 ni wọ́n ṣí i. Nítorí náà, bí òpìtàn kò bá bá orúkọ wọn pàdé nínú ìwé àtijọ́, kí ó má ṣe rò pé ọ̀dọ́ ibẹ̀ kò lẹ́sẹ̀ bọ́ọ̀lù. Ọ̀nà ni kò tíì dé.