Ẹ̀dà Wo La Wò? Àwòrán àti Ohùn Fíìmù Yorùbá ní Ibodè Yewa

Bí a bá ń kọ̀wé lórí fíìmù Yorùbá, a sábà máa ń dárúkọ olùdarí rẹ̀ àti ọdún tí ó jáde. A kì í sábà sọ irú ẹ̀dà tí a wò. Èrò àpilẹ̀kọ yìí ni pé ẹ̀dà fúnra rẹ̀ jẹ́ ẹ̀rí ìtàn.

Nígbà tí Ọlá Balógun gbé Àjàní Ògún jáde ní 1976, gbọ̀ngàn sinimá ni a ti ń wo irú fíìmù bẹ́ẹ̀. Lẹ́yìn tí náírà já wálẹ̀ lábẹ́ ètò SAP ti 1986, owó fíìmù tí a ń rà, tí a sì ń fọ̀ ní òkè òkun, kọjá agbára ọ̀pọ̀ òṣèré. Kásẹ́ẹ̀tì fídíò ni wọ́n yà sí. Ní 1993 ni Ti Olúwa Nilẹ̀ tí Túndé Kèlání darí jáde.

Bí a bá da kásẹ́ẹ̀tì kọ láti ara ẹ̀dà mìíràn, àwòrán a ṣú, àwọ̀ a ṣàn, ariwo a sì bo ohùn. Ní ibodè, ìṣòro mìíràn tún wà. Ní ayé kásẹ́ẹ̀tì, ètò PAL ni tẹlifíṣọ̀n Nàìjíríà ń lò, SECAM ti Faransé sì ni ti Benin. Ìlà 625 ni méjèèjì ní, ṣùgbọ́n bí wọ́n ṣe ń gbé àwọ̀ yàtọ̀. Kásẹ́ẹ̀tì tí ó bá ti agbègbè Ìjoun kọjá sí Kétu lè di dúdú àti funfun lójú ẹ̀rọ tí kò gba PAL. Èdè kan náà ni, àmọ́ ààlà òyìnbó ti wọ inú àwòrán.

Àwo VCD gba ariwo kásẹ́ẹ̀tì kúrò. Ṣùgbọ́n ìwọ̀n àwòrán rẹ̀, 352 sí 288, kò ju nǹkan bí ìdá kan nínú mẹ́rin ti DVD lọ. Àwo kan kì í sì í sábà gbà ju nǹkan bí 80 ìṣẹ́jú lọ, èyí tí ó fà á tí a fi ń gé ìtàn sí méjì.

Ohùn ni àdánù rẹ̀ pọ̀ jù. Nínú Ṣaworoidẹ (1999), tí Akínwùmí Ìṣọ̀lá kọ, ìlù ni òpómúléró ìtàn. Ohùn òkè, àárín àti ìsàlẹ̀ ni ìlù fi ń sọ̀rọ̀. Bí kásẹ́ẹ̀tì tí ó ti gbó bá mi ohùn wọ̀nyí, olùwádìí lè pe ọ̀rọ̀ ní ariwo lásán.

Fíìmù tí a fi fídíò yà kò ní fíìmù àtilẹ̀wá tí a lè padà sí. Bí kásẹ́ẹ̀tì àkọ́kọ́ bá bàjẹ́, ẹ̀dà tó wà nílé àwọn òǹwòran nìkan ló kù. Nítorí náà, ó yẹ kí a máa kọ irú ẹ̀dà tí a wò sínú iṣẹ́ wa, kí a má sì da kásẹ́ẹ̀tì àtijọ́ nù nítorí pé àwo ti dé.