Òkú Tí Kò Sí Nínú Ìṣirò Ogun

Nígbà tí wọ́n bá ń ka iye èèyàn tí Amẹ́ríkà pàdánù nínú ogun Ìráàkì tó bẹ̀rẹ̀ lọ́dún 2003, àwọn sójà ni wọ́n sábà máa ń kà. Ṣùgbọ́n ta ló ń dáná fún sójà? Ta ló ń fọ aṣọ wọn, tó ń wa ọkọ̀ epo? Àwọn òṣìṣẹ́ agbaṣẹ́ṣe ni. Ilé-iṣẹ́ aládàáni ló gbà wọ́n, ọ̀pọ̀ wọn kì í sì í ṣe ọmọ Amẹ́ríkà.

Lọ́dún 2004, ọkùnrin 12 kúrò ní Nepal. Iṣẹ́ ní Jọ́dánì ni wọ́n ṣèlérí fún àwọn kan nínú wọn, àwọn ẹbí kan sì yáwó fún ìrìn àjò náà. Ibùdó ológun Amẹ́ríkà ní Ìráàkì ni wọ́n ń kó wọn lọ. Àwọn agbébọn jí wọn gbé lójú ọ̀nà. Kí oṣù kẹjọ tó parí, wọ́n ti pa gbogbo wọn.

Owó ńkọ́? Ìgbìmọ̀ tí ilé aṣòfin Amẹ́ríkà gbé kalẹ̀ jábọ̀ lọ́dún 2011 pé láàárín bílíọ̀nù 31 sí 60 dọ́là ló bá ìfiṣòfò àti jìbìtì lọ nínú iṣẹ́ agbaṣẹ́ṣe ní Ìráàkì àti Afganísítánì.

Àwọn àgbà ní ẹni tó kú ni tiẹ̀ gbé. Ìjọba tó fi agbaṣẹ́ṣe jagun lè sọ fún ará ìlú pé òkú òun ò pọ̀, torí ẹni tí kò wọ aṣọ sójà kò sí lára iye tó ń kéde. Ẹ jẹ́ kí àwa tí à ń kọ ìtàn kà wọ́n mọ́ ọn.