Obìnrin Kan Ṣoṣo Láàárín Méje

Bí ẹ bá ka orúkọ àwọn tó ṣiṣẹ́ lórí Ladri di biciclette (Àwọn Olè Kẹ̀kẹ́), fíìmù tí Vittorio De Sica darí ní Ítálì lọ́dún 1948, ẹ ó rí i pé ènìyàn méje ni wọ́n pè ní òǹkọ̀wé rẹ̀. Ènìyàn méje, nítorí kẹ̀kẹ́ kan tí olè gbé! Obìnrin kan ṣoṣo ló wà nínú wọn: Suso Cecchi d'Amico.

Bẹ́ẹ̀ ni iṣẹ́ náà rí ní Róòmù nígbà yẹn. Wọ́n á jókòó yí tábìlì ká, ẹnì kan á mú ìtàn wá, ẹlòmíràn á bu ẹ̀fẹ̀ sí i, àríyànjiyàn á sì bẹ̀rẹ̀.

Ìtàn kẹ̀kẹ́ ọ̀hún kò le. Lẹ́yìn ogun, Antonio ríṣẹ́ lílẹ pósítà mọ́ ògiri, ṣùgbọ́n ẹni tí kò bá ní kẹ̀kẹ́ kò lè ṣe é. Ìyàwó rẹ̀ ká aṣọ ibùsùn lọ fi dógò, kí wọ́n lè gba kẹ̀kẹ́ tí wọ́n ti fi dógò tẹ́lẹ̀ padà. Ọjọ́ àkọ́kọ́ tó débi iṣẹ́ ni olè gbé e lọ. Òun àti Bruno, ọmọ rẹ̀, wá a kiri Róòmù títí ó fi sú wọn. Ibo ni ìtàn máa wá forí tì sí? Suso sọ lẹ́yìn náà pé òun lòun dábàá pé kí Antonio fúnra rẹ̀ jí kẹ̀kẹ́ ẹlòmíràn. Ó jí i, ọwọ́ tẹ̀ ẹ́, wọ́n gbá a létí níṣojú ọmọ rẹ̀. Ẹni tó ni kẹ̀kẹ́ wo ọmọ tó ń sunkún, ó ní kí wọ́n jẹ́ kó máa lọ. Ẹ yọ ibẹ̀ yẹn kúrò, kò sí fíìmù mọ́.

Róòmù ni wọ́n bí Suso sí ní 1914. Òǹkọ̀wé ni Emilio Cecchi, bàbá rẹ̀, ó sì ti ṣe ọ̀gá ní iléeṣẹ́ fíìmù Cines rí. Suso alára ṣiṣẹ́ ọ́fíìsì ìjọba, ó tún ń tú ìwé Gẹ̀ẹ́sì sí èdè Ítálì, kó tó ya sídìí fíìmù. Ó bí ọmọ mẹ́ta fún Fedele d'Amico, onímọ̀ orin.

Luchino Visconti, olùdarí fíìmù, ló bá ṣiṣẹ́ pẹ́ jù: láti Bellissima ní 1951, dé Il gattopardo tó gba ẹ̀bùn tó ga jù ní àjọ̀dún fíìmù Cannes ní 1963, títí kan L'innocente, fíìmù tí Visconti ṣe kẹ́yìn. Mario Monicelli, olùdarí mìíràn, ní tirẹ̀, ẹ̀rín ló máa ń wá lọ́dọ̀ Suso. I soliti ignoti ti 1958, nípa àwọn olè tí kò mọ olè jà, ṣì ń pani lẹ́rìn-ín.

Àjọ̀dún fíìmù Venice fún Suso ní ẹ̀bùn Kìnnìún Wúrà ní 1994 fún gbogbo iṣẹ́ ayé rẹ̀. Ó kú ní 2010, lẹ́ni ọdún 96, ìwé eré tó lọ́wọ́ sí sì lé ní 100.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti wo Jesus of Nazareth, eré tẹlifíṣọ̀n tí Franco Zeffirelli darí ní 1977, ẹ ti wo iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀ láìmọ̀: òun, Zeffirelli àti Anthony Burgess ni wọ́n jọ kọ ọ́. Tí wọ́n bá tún gbé e sáfẹ́fẹ́ lásìkò Àjíǹde, ẹ jọ̀wọ́, ẹ má tètè yí ìkànnì padà. Ẹ ka orúkọ àwọn òǹkọ̀wé rẹ̀ ná.