Àṣẹ Ilé-Ẹjọ́ àti Iṣẹ́ Ọlọ́pàá nínú Aáwọ̀ Ilé àti Ilẹ̀

Àṣẹ ìgbapadà dúkìá ni àṣẹ tí ilé-ẹjọ́ fi ń dá ilé tàbí ilẹ̀ padà fún ẹni tí ó jàre. Ní Nàìjíríà, akódà kóòtù, ìyẹn òṣìṣẹ́ tí ń mú ìdájọ́ ṣẹ, ni ó ń lé ẹni tí ó jẹ̀bi jáde. Ọlọ́pàá tí ó bá tẹ̀ lé e kàn ń ṣọ́ kí ìjà má bẹ́ ni, nítorí Òfin Ọlọ́pàá ọdún 2020 kò gbà kí a mú ènìyàn nítorí aáwọ̀ tí kì í ṣe ọ̀ràn dídá.

Ẹjọ́ tí àwọn amòfin sábà máa ń tọ́ka sí lórí fífi ọlọ́pàá lé ènìyàn jáde láìdúró de ìdájọ́ ni ti Gómìnà Ológun Ìpínlẹ̀ Èkó àti Odumegwu Ojukwu (1986). Ìjọba fi ọlọ́pàá tó dìhámọ́ra lé Ojukwu kúrò nínú ilé kan ní Ìkòyí nígbà tí ẹjọ́ náà ṣì wà níwájú adájọ́. Kóòtù Kò-tẹ́-mi-lọ́rùn pàṣẹ kí wọ́n dá a padà síbẹ̀, ṣùgbọ́n ìjọba kò ṣe bẹ́ẹ̀. Ilé-Ẹjọ́ Gíga Jùlọ sì kọ̀ láti dá àṣẹ náà dúró, nítorí pé ẹni tí ń tàpá sí àṣẹ kóòtù kò lè máa tọrọ ojúrere lọ́wọ́ kóòtù.